Abọ́ Ìyá Àgbà Nílé Òdìkejì

Ìyá Àgbà mi kì í bá ẹni tí wọn kò fẹ́ràn jà. Ẹni tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò bá kàn wọ́n, wọ́n á kí i dáadáa, wọ́n á rẹ́rìn-ín músẹ́ sí i, wọ́n á sì bá tiwọn lọ. Ẹni tí wọ́n bá fẹ́ràn ni wọ́n máa ń fajú ro sí. Wọ́n bá mi jà nítorí pé mo gé irun mi láìkọ́kọ́ fi lọ̀ wọ́n. Wọ́n bá ọkọ mi jà nítorí pé ó máa ń jẹun lórí ìdúró. Nígbà tí wọ́n kú ní Ṣájà, nítòsí Dùbáì, ní ìparí ọdún 1999, tí èrò ń wọlé wá kí wa, mo wo yàrá yíká, mo rí i pé kò fẹ́rẹ̀ẹ́ sí ẹnì kan níbẹ̀ tí Ìyá Àgbà kò tíì bá jà rí. Ẹ̀rín fẹ́ẹ̀ pa mí nínú ọ̀fọ̀. Mo rántí ìgbà tí mo bi wọ́n pé kí ló dé tí wọn kì í bínú sí onílé wa, ẹni tí gbogbo wa ń bínú sí. Wọ́n ní, "Ẹni tí mi ò rò lẹ́ẹ̀kejì, kí ni mo fẹ́ fi ìbínú mi ṣe lára rẹ̀?"

Ìyá bàbá mi ni wọ́n. Aṣọ léèsì ni wọ́n tà ní Èkó títí orí wọn fi funfun. Nígbà tí àwọn oníṣòwò Èkó bẹ̀rẹ̀ sí í wá ra ọjà ní Déírà, ní Dùbáì, Ìyá Àgbà wà lára àwọn tó kọ́kọ́ wọ bàálù. Nígbà tó yá, ọkọ mi ríṣẹ́ sí ilé iṣẹ́ kan tó ń kó ẹrù àwọn oníṣòwò náà ránṣẹ́ sílé, a sì gba ilé sí Ṣájà nítorí pé owó ilé ibẹ̀ rọjú ju ti Dùbáì lọ. Ìyá Àgbà ní àwọn ń bọ̀ wá sinmi lọ́dọ̀ wa. Wọn ò tíì tú ẹrù wọn tán tí wọ́n fi wọ takisí lọ sí Déírà, tí wọ́n ń bá àwọn oníléèsì yan ọjà. Wọ́n á di ojú méjèèjì, wọ́n á fi àtàǹpàkò pa aṣọ náà lára, ọmọ Íńdíà tó ni ṣọ́ọ̀bù á sì máa wò wọ́n bí ẹni tó ń dúró de èsì ìdánwò. Ó bi wọ́n lẹ́ẹ̀kan pé kí ló dé tí wọn ò lajú. Wọ́n ní, "Habibi, ọ̀rẹ́ mi, tí mo bá lajú, àwọ̀ rẹ̀ nìkan ni màá rà."

Ilé alájà mẹ́rin kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ gbàgede Rolla ní Ṣájà ni a ń gbé. Ìlẹ̀kùn méjì péré ló wà ní àjà tiwa, tiwa àti ti Bàbá Sàmíìrì, wọ́n kọjú síra. Ará Palẹsítínì ni Bàbá Sàmíìrì àti ìyàwó wọn. Bàbá náà ń bójú tó ṣọ́ọ̀bù kan tí wọ́n ti ń ta èèlò ara mọ́tò. Sàmíìrì, ọmọ wọn tí wọ́n ń fi orúkọ rẹ̀ pe àwọn méjèèjì, wà ní yunifásítì ní Jọ́dánì. Ọ̀rọ̀ orúkọ yìí ló kọ́kọ́ mú Ìyá Àgbà fẹ́ràn wọn. Inú wọn dùn pé àwọn Lárúbáwá náà mọ̀ pé orúkọ ọmọ ló yẹ kí á máa fi pe àgbàlagbà. Àwọn náà ń pe Ìyá Àgbà ní Hàjà. Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi ń bá ara wọn sọ̀rọ̀, Gẹ̀ẹ́sì tó ṣẹ́ lẹ́sẹ̀ lẹ́nu Ìyá Àgbà, tó sì ṣẹ́ lápá lẹ́nu Bàbá Sàmíìrì, wọ́n á wá fi Lárúbáwá díẹ̀ dí àlàfo. Síbẹ̀ wọ́n ń gbọ́ra yé ju èmi àti ọkọ mi lọ.

Lọ́jọ́ kan, lórí àtẹ̀gùn, Bàbá Sàmíìrì ń ṣàlàyé ara wọn fún Ìyá Àgbà. Wọ́n ní wọ́n bí àwọn sí abúlé kan tí àwọn ò lè padà sí mọ́, ìwé ìrìnnà ọba Jọ́dánì ni àwọn ń gbé káàkiri, Ṣájà ni àwọn sì ti ń jẹun. Ìyá Àgbà rò ó díẹ̀. Wọ́n ní, "Kò burú. Ó kéré tán, o mọ ẹni tí wàá máa bínú sí."

Abọ́ kan wà tó ń rìn láàárín ilé méjèèjì. Abọ́ onírin funfun ni, òdòdó pupa wà nínú rẹ̀, etí rẹ̀ kan sì ti họ. Láti Èkó ni Ìyá Àgbà ti gbé e wá. Tó bá gbé ìrẹsì tàbí mọ́ínmọ́ín lọ, á gbé èso ólífì tàbí búrẹ́dì gbígbóná bọ̀. Ní ilé wa, ojú máa ń ti ẹni tó bá dá abọ́ aládùúgbò padà lófìfo, àṣé bẹ́ẹ̀ náà ló rí ní tiwọn. Ìyá Àgbà ròyìn rẹ̀ fún gbogbo Déírà bí ẹni tó rí ìbátan tó ti sọnù. "Ṣé ẹ rí i," wọ́n á ní, "ilé ire ló ti jáde."

Kí n tó sọ bí abọ́ náà ṣe há, ó yẹ kí n sọ̀rọ̀ Múfú. Àbúrò bàbá mi ni, àbígbẹ̀yìn Ìyá Àgbà. Ilé ìtẹ̀wé kan tó ń tẹ ìwé ìròyìn ló ti ń ṣiṣẹ́ ní Èkó, àwọn sójà sì wá kó òun àtàwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ lọ láyé ìjọba ológun. Ó lé lọ́dún kan tí a ò mọ ibi tó wà. Ìyá Àgbà kì í sọ ọ́ síta. Tí ẹnikẹ́ni bá béèrè iye ọmọ wọn, wọ́n á ka Múfú mọ́ ọn, wọ́n á ní ó wà ní Èkó. Ọ̀dọ́kùnrin kan wà tó ń fi ọkọ̀ ojú omi gbé èrò sọdá ní Déírà, ọmọ Bangladéṣì, ó rù bíi Múfú. Gbogbo ìgbà tí Ìyá Àgbà bá wọ ọkọ̀ rẹ̀ ni wọ́n máa ń bá a jà pé kì í jẹun, wọ́n á sì kó àkàrà inú báàgì wọn lé e lọ́wọ́. Mo sọ fún wọn pé kí wọ́n jẹ́ kí àwọn ọ̀rẹ́ wọn mọ ohun tó ń dùn wọ́n. Wọ́n ní, "Mi ò fẹ́ kí wọ́n máa fi ojú àánú wò mí nínú ọjà."

Ní ọdún 1998, ìròyìn dé Déírà lójijì pé olórí ìjọba ológun wa ti kú. Àwọn oníṣòwò Nàìjíríà dì mọ́ra wọn lẹ́nu ọ̀nà ilé ẹrù, àti Mùsùlùmí àti Kristẹni, títí kan àwọn tó ti bú ara wọn láàárọ̀ ọjọ́ náà nítorí àyè ẹrù. Ìyá Àgbà kò dì mọ́ ẹnikẹ́ni. Wọ́n wálé, wọ́n po ìyẹ̀fun, wọ́n sì din púfúpúfú títí òórùn rẹ̀ fi gba gbogbo ilé. Wọ́n pín in láti ìsàlẹ̀ dé òkè. Abọ́ olódòdó ni wọ́n bu ti òdìkejì sí, Ìyá Sàmíìrì sì fi ẹ̀rín gbà á.

Nígbà tí Bàbá Sàmíìrì ti ibi iṣẹ́ dé, wọ́n mú ẹyọ kan nínú abọ́ náà, wọ́n jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ wá dúpẹ́. Wọ́n béèrè bóyá ìgbéyàwó ni àbí ọmọ tuntun.

"Olórí ìlú wa ló kú," Ìyá Àgbà dáhùn.

"Ẹ pẹ̀lẹ́, Hàjà. Allah yarhamu, kí Ọlọ́run kẹ́ ẹ. Ṣùgbọ́n kí ni a ń jẹ yìí?"

"Ikú rẹ̀ náà ni a ń fi ṣe ayọ̀. Ó ti lọ. Khalas, ó parí."

Bàbá Sàmíìrì wo púfúpúfú tó wà lọ́wọ́ wọn. Wọ́n rọra gbé e lé orí irin àtẹ̀gùn. "Hàjà," wọ́n ní, "àwa kì í jẹ dídùn lórí òkú ènìyàn." Wọ́n wọlé, wọ́n sì ti ìlẹ̀kùn. Gbólóhùn kan ṣoṣo nípa Múfú ì bá ṣí ìlẹ̀kùn yẹn padà, ṣùgbọ́n Ìyá Àgbà ò sọ ọ́. Wọ́n wọlé wá bá mi, ojú wọn le. "Ṣé orí àtẹ̀gùn ni kí n ti máa ro ẹjọ́ ọmọ mi?"

Bí wọ́n ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í bá ara wọn yodì nìyẹn. Abọ́ náà kò padà wá. Ìyá Àgbà gbà pé Bàbá Sàmíìrì ti jù ú nù, wọ́n sì ń bi mí lójoojúmọ́ pé, "Abọ́ mi dà?" bí ẹni pé èmi ni mo jẹ ẹ́. Tí àwọn àgbà méjèèjì bá pàdé lórí àtẹ̀gùn, ọ̀kan á wo ògiri, èkejì á wo bàtà ara rẹ̀. Síbẹ̀, tó bá ti di ìrọ̀lẹ́, Ìyá Àgbà á lọ dúró ti fèrèsé. Wọ́n á ní, "Mọ́tò rẹ̀ ò tíì dé. Kí ló ń ṣe ní ṣọ́ọ̀bù títí di ìsinsìnyí?"

Kò pẹ́ lẹ́yìn náà ni wọ́n dá Múfú sílẹ̀. Ó pè wá lórí fóònù, ohùn rẹ̀ tín-ín-rín. Ìyá Àgbà jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, wọ́n sunkún títí ara fi tù wọ́n. Lẹ́yìn náà wọ́n dìde, wọ́n ṣí ìlẹ̀kùn, wọ́n sì na ọwọ́ láti kan ìlẹ̀kùn òdìkejì. Wọ́n dúró bẹ́ẹ̀, ọwọ́ wọn wà lókè. Wọ́n tún padà wọlé. "Ìwọ nìkan ni màá bá yọ̀, Àṣàkẹ́," wọ́n sọ fún mi, "ìwọ nìkan ò sì tó."

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún tó tẹ̀ lé e, àyà bẹ̀rẹ̀ sí í dun Bàbá Sàmíìrì. Wọ́n gbé wọn lọ sí ọsibítù, wọ́n gbé wọn padà wálé, a ò sì rí wọn níta mọ́. Mo ní kí Ìyá Àgbà lọ kí wọn. Ìyá Àgbà ní kí ara bàbá náà kọ́kọ́ le, nítorí pé àwọn ò fẹ́ kó dà bíi pé àánú ni àwọn fi parí ìjà. Ṣùgbọ́n wọn ò jẹun dáadáa mọ́. Bí ẹsẹ̀ ẹnikẹ́ni bá dún ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, wọ́n á tẹ́tí. Mo mọ ohun tó ń bà wọ́n lẹ́rù: kí bàbá náà má lọ kú nígbà tí ìjà ṣì wà nílẹ̀. "Ara rẹ̀ máa le," wọ́n á ní, bí ẹni tó ń pàṣẹ fún un, "a ó sì jọ parí rẹ̀."

Ní ọ̀sán ọjọ́ kan nínú oṣù kejì, a gbọ́ kéwú láti òdìkejì. Wọ́n ń ka Kùránì lórí rédíò, wọ́n sì ti gbé ohùn rẹ̀ sókè. Obìnrin kan ń sunkún. Mo ṣílẹ̀kùn, mo sì rí bàtà rẹpẹtẹ lẹ́nu ọ̀nà wọn. Ìyá Àgbà ti rí i láti ẹ̀yìn mi. Iṣu tí wọ́n ń bó jábọ́ lọ́wọ́ wọn.

Níbi tí wọ́n ti tọ́ Ìyá Àgbà dàgbà, ẹni tó ń wọ ilé ọ̀fọ̀ kì í kan ìlẹ̀kùn. Láti ìta ni yóò ti ké, kí onílé lè mọ̀ pé òun nìkan kọ́ ló ń sunkún. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni Ìyá Àgbà ṣe wọlé, láìwọ bàtà, ìborùn wọn ń wọ́ nílẹ̀, wọ́n ń ké ní Yorùbá pé, "Bàbá Sàmíìrì, o ò dúró ká parí ẹ̀. O ò dúró." Àwọn obìnrin tó ń sunkún dákẹ́, wọ́n ń wò wọ́n.

Bàbá Sàmíìrì fúnra wọn ló jáde láti ilé ìdáná. Wọ́n ti rù, ojú wọn pọ́n, ìkòkò kọfí sì wà lọ́wọ́ wọn.

Ìyá Àgbà wò wọ́n. Wọ́n na ọwọ́, wọ́n fi àtàǹpàkò tẹ apá bàbá náà. Ìyẹn kò tó wọn, wọ́n di ojú, wọ́n tún tẹ̀ ẹ́.

"Ìwọ nìyí?"

"Èmi nìyí, Hàjà."

"Ta ló wá kú?"

"Ọba ni. Ọba Jọ́dánì."

"Alhamdulillahi," ni Ìyá Àgbà wí, láti ìsàlẹ̀ ikùn wọn, wọ́n sì jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀.

Ojú tì mí débi pé mi ò mọ ibi tí màá wọ̀. Gbogbo ilé ń ṣọ̀fọ̀ ọba, ìyá wa ń dúpẹ́. Èjìká Bàbá Sàmíìrì bẹ̀rẹ̀ sí í mì, mo sì rò pé ìbínú ni. Àṣé ẹ̀rín ni. Wọ́n ń rẹ́rìn-ín, omijé ń dà lójú wọn, wọ́n fi Lárúbáwá ṣàlàyé fún àwọn tó jókòó pé òkú àwọn gan-an ni Hàjà wá sun. Ara gbogbo yàrá rọ̀. Ẹnì kan sún, ó fún Ìyá Àgbà láyè. "Láti ìgbà tí mo ti gbọ́ ni mo ti ń wá ohun tó máa dá ẹkún mi dúró," Bàbá Sàmíìrì ní. "Ẹ̀yin lẹ mú un wá."

Mo jókòó ti Ìyá Àgbà, mo ń wo àwọn èèyàn náà. Ọ̀fọ̀ wọn kò dọ́gba. Ìyá Sàmíìrì ń sunkún bíi pé bàbá tó bí wọn ló kú, nítorí pé ọba yẹn nìkan ló fún wọn ní ìwé tí wọ́n fi ń kọjá ẹnubodè. Obìnrin kan ń bi gbogbo ẹni tó bá wọlé pé báwo ni ìwé ìrìnnà wọn yóò ṣe rí báyìí, ṣé ọba tuntun á ṣì máa fún wọn. Bàbá arúgbó kan jókòó ti fèrèsé, ó ń ka tẹ̀sùbáà rẹ̀, kò sunkún, kò sì bá wọn yin òkú. Wọ́n ní aládùúgbò kan nísàlẹ̀ tilẹ̀ kọ̀, kò wá rárá. Kò sí ẹni tó bá a wí.

Wọ́n gbé kọfí fún Ìyá Àgbà. Kò ní ṣúgà rárá, nítorí bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń mu ún nílé ọ̀fọ̀. Ìyá Àgbà gbé e mì, ojú wọn sì fún pọ̀. Bàbá Sàmíìrì jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn, wọ́n sọ ohun tí wọn ò tíì sọ fún wa rí. Nígbà tí wọ́n wà lọ́dọ̀ọ́, àwọn ọmọ ogun ọba àti àwọn jagunjagun Palẹsítínì kọlu ara wọn ní Jọ́dánì, ìbọn sì pa àbúrò wọn ọkùnrin níbẹ̀, ọmọ tí irùngbọ̀n rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń hù.

"Láti ìgbà náà ni mo ti ń bá ọba jà nínú ọkàn mi," wọ́n ní. "Nínú mọ́tò, ní ṣọ́ọ̀bù, mo máa ń to gbogbo ohun tí màá sọ fún un. Ìwé rẹ̀ náà ni mo sì fi rán ọmọ mi lọ sí yunifásítì. Mo rò pé tó bá kú, inú mi á dùn. Mo gbọ́ ọ lónìí, ẹkún ló gbà mí. Inú ń bí mi sí ara mi, Hàjà. Ta ni màá wá sọ ọ́ fún báyìí?"

Ìyá Àgbà gbé ife kọfí sílẹ̀. Wọ́n wá sọ ti Múfú, wọ́n sọ ọ́ tán: àwọn sójà, ọdún tí a fi ń dúró, púfúpúfú, ohùn tín-ín-rín lórí fóònù. Mi ò tíì gbọ́ kí wọ́n sọ ọ́ fún ará ìta rí.

"Kí ló dé tí ẹ ò sọ fún mi lọ́jọ́ náà?" Bàbá Sàmíìrì béèrè.

"Ìwọ ńkọ́? Ṣé o sọ ti àbúrò rẹ fún mi?"

"Ẹ̀yin yọ̀, èmi ń sunkún. Ta ló ṣe é dáadáa nínú wa?"

"Ọmọ tèmi padà wálé," Ìyá Àgbà dáhùn. "Àbúrò tìrẹ ò wá. Gbogbo ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ nìyẹn."

Nígbà tí a fẹ́ máa lọ, Ìyá Sàmíìrì gun àga, wọ́n sì gbé nǹkan kan tí wọ́n fi aṣọ wé sọ̀kalẹ̀ láti orí kọ́bọ́ọ̀dù. Abọ́ olódòdó ni. Wọ́n ní bàbá ò gbà kí àwọn bu nǹkan sí i, ojú sì ń ti àwọn láti dá a padà lófìfo, ni àwọn bá ń tọ́jú rẹ̀. Gbogbo oṣù tí Ìyá Àgbà fi rò pé ó ti wà lórí ààtàn, ńṣe ni obìnrin yìí ń nù ún. Ìyá Àgbà gba abọ́ náà. Wọ́n fi ọwọ́ pa etí rẹ̀ tó họ, wọ́n sì tún gbé e padà fún Ìyá Sàmíìrì. "Ẹ jẹ́ kó wà lọ́dọ̀ yín," wọ́n ní, "kí nǹkan kan lè ṣì kù láàárín wa."

Ọmọ ọba gorí oyè, ìwé ìrìnnà kò yí padà, ọkàn àwọn tó ń bẹ̀rù sì balẹ̀. Ara Bàbá Sàmíìrì le. Lọ́pọ̀ ìrọ̀lẹ́, àwọn àgbà méjèèjì á gbé àga méjì sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, wọ́n á sì máa jà, Ìyá Àgbà á wá wọlé pẹ̀lú ojú tó ń dán. Nínú irú ìjà bẹ́ẹ̀ ni Ìyá Àgbà ti ṣàlàyé pé nílé wa, tí arúgbó bá kú, tó fi ọmọ sílẹ̀, a máa ń se oúnjẹ, a máa ń jẹ, a máa ń yọ̀. Bàbá Sàmíìrì ní ó lè dára fún àwa, ọ̀fun tàwọn ò lè gbé e mì. "Arúgbó lèmi náà," Ìyá Àgbà fèsì. "Tí mo bá kú tí o ò jẹ dídùn, màá bá ọ jà, o ò sì ní rí mi dá lóhùn."

Kí ààwẹ̀ ọdún náà tó wọlé, Ìyá Àgbà kírun àsárì tán, wọ́n jókòó sórí àga wọn, wọ́n tẹ́ léèsì kan tí oníbàárà ní kí wọ́n bá òun wò sórí ẹsẹ̀ wọn. Ibẹ̀ ni mo bá wọn. Ojú wọn dì, àtàǹpàkò wọn wà lórí aṣọ náà. Mo rò pé wọ́n ń yẹ̀ ẹ́ wò ni, mo sì dúró de ohun tí wọ́n máa sọ.

Mo sunkún. Ṣùgbọ́n ìtura ló kọ́kọ́ dé, ojú ò sì tì mí láti sọ ọ́. Wọn ò jẹ̀rora, Múfú wà nílé, kò sì sí ìjà kan tó kù nílẹ̀ láàárín wọn àti ẹnikẹ́ni láyé. A sin wọ́n sí Ṣájà, Bàbá Sàmíìrì sì wà lára àwọn tó gbé wọn dé ibẹ̀.

Ní ọjọ́ kejì, èrò kún yàrá wa. Bàbá Sàmíìrì wá dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n fi ọwọ́ méjèèjì gbé abọ́ olódòdó. Púfúpúfú ló kún inú rẹ̀. Ìyá Sàmíìrì ló din ín. Òmíràn tóbi bí ìkúùkù, òmíràn ti jóná lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Àwọn aládùúgbò wa tó jẹ́ ará Palẹsítínì wo abọ́ náà, wọ́n wo bàbá náà, kò yé wọn. Ó yé mi.

Bàbá Sàmíìrì mú ẹyọ kan, wọ́n jẹ ẹ́ lójú mi títí ó fi tán, omijé ń ṣàn wọ irùngbọ̀n wọn. Lẹ́yìn náà ni wọ́n gbé abọ́ náà lé mi lọ́wọ́.

"Hàjà ò ní rí nǹkan kan fi bá mi jà báyìí," wọ́n ní, mo sì rí i lójú wọn pé ì bá wù wọ́n kí Ìyá Àgbà rí ọ̀kan.